Bí Àwẹ̀ró Opó Ṣe Di Yèyé Àìjókòó, Odò Abẹ́ Àpáta

Ẹ má jókòó. Ẹni tó bá fi ẹ̀yìn ti ògiri, kí ó yọ ẹ̀yìn kúrò lára ògiri, ẹni tó bá sì ti tẹ́ aṣọ sílẹ̀, kí ó ká aṣọ rẹ̀. Mo ń rí ẹ, ìwọ obìnrin tí ń wo òkúta yẹn ṣáá láti ìgbà tí a ti dé. Òkúta ni, kì í ṣe àga. Orúnkún ń dun èmi náà. Ọdún mẹ́tàlélọ́gbọ̀n ni mo ti ń ṣe àwòrò létí odò yìí, mi ò sì tíì fi ìdí kan ilẹ̀ níbí rí. Ẹ máa gbé ẹsẹ̀ kan, kí ẹ máa sọ ọ̀kan kalẹ̀, kí ẹ sì gbọ́ ohun tó mú wa dúró.

Ní ìgbà láéláé, kí baba baba wa tó mọ orúkọ ara rẹ̀, àwọn tó ṣẹ̀ wá sílẹ̀ ń gbé lókè, níbi tí oòrùn ti ń yọ tí òjò sì ti ń rọ̀, títí ogun fi lé wọn wọ inú ihò kan lára òkè, tí wọ́n sì ń sọ̀ kalẹ̀, aboyún ń sọ̀, arúgbó ń sọ̀, ẹni tó gbé òkú ọmọ rẹ̀ dání náà ń sọ̀, títí ariwo ogun fi tán létí wọn tí ariwo mìíràn sì bẹ̀rẹ̀. Ariwo omi ni. Wọ́n bá odò kan níbẹ̀ tí kò rí oòrùn rí, tó ń jáde láti inú òkúta tó tún ń wọ inú òkúta lọ, omi dúdú, omi tútù, omi tí ń sọ̀rọ̀ tí kì í mí. Olú funfun hù lára ògiri ihò náà, ó ń tàn, ìmọ́lẹ̀ rẹ̀ kò sì ju èyí tí ènìyàn lè fi rí ojú ẹni tó ń bá a sọ̀rọ̀. Wọ́n ní ó tó. Wọ́n kọ́lé síbẹ̀, wọ́n pe ìlú náà ní Ìsàlẹ̀ Àpáta, àwa ọmọ wọn rèé tí a kò tíì gòkè padà.

Níwọ̀n bí kò ti sí oòrùn tí wọ́n lè fi ka ọjọ́, odò ni wọ́n fi ń kà á. Ó máa ń gbé ohùn rẹ̀ sókè, ó máa ń rẹ̀ ẹ́ sílẹ̀, ó tún máa ń gbé e sókè; láti ìgbà tó bá gbé e sókè títí di ìgbà tí yóò tún gbé e ni wọ́n ń pè ní ohùn kan, bí àwọn ará òkè ṣe ń pe tiwọn ní ọjọ́ kan. Ohùn mẹ́jọ ni wọ́n fi ń sọ ọmọ lórúkọ. Ogójì ohùn ni opó fi ń jókòó. Gbogbo ohun tí a ń ṣe nílùú yìí, ẹnu omi ni a ti ń gbọ́ àkókò rẹ̀, títí di òní.

Ṣùgbọ́n odò náà kì í wá lọ́wọ́ òfo. Yanrìn ni ó ń gbé bọ̀, yanrìn tí kò lópin, bí wọn kò bá sì kó o, ilẹ̀ odò á ga, omi á wá ọ̀nà mìíràn, ọ̀nà mìíràn wo ni ó sì wà nínú ihò bí kò ṣe ilé àwọn ènìyàn? Nítorí náà ni àwọn àgbà ṣe pín odò náà láti ẹnu òkúta tó ti ń jáde dé ẹnu òkúta tó ń wọ̀, tí ìdílé kọ̀ọ̀kan sì gba ìpín tirẹ̀, tí wọ́n ń fi ọkọ́ àti agbọ̀n kó yanrìn rẹ̀ lóhùn lóhùn. Wọ́n wá ṣe òfin kan tì í. Wọ́n ní ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ ti ọwọ́ bọ ìpín ẹlòmíràn, nítorí pé ìgbà tí ìdílé kan bá run tán ni ẹlòmíràn lè jogún ìpín rẹ̀, ẹni tó bá wá lọ kó yanrìn níbi tí kì í ṣe tirẹ̀, ohun tó ń sọ fún ẹni tó ni ín ni pé, “O ti kú lójú mi.” Bí aládùúgbò wọn bá ń ṣàìsàn, wọ́n á gbé oúnjẹ lọ fún un, wọ́n á fọ aṣọ rẹ̀, wọ́n á bá a tọ́ ọmọ, ṣùgbọ́n wọ́n á fi yanrìn rẹ̀ sílẹ̀ kí ó máa ga títí yóò fi dìde. Wọ́n ń pe èyí ní ọ̀wọ̀. Èmi ń pè é ní àìmọ̀kan, ẹnu mi sì gbà á láti pè é bẹ́ẹ̀, nítorí pé ìdílé tèmi ni wọ́n le jù lórí òfin náà.

Nígbà tí ìlú wà báyìí ni wọ́n bí Àwẹ̀ró.

Ẹ júbà rẹ̀. Yèyé Àìjókòó, arìn-má-kàárẹ̀, a-kó-yanrìn-ẹni-ẹlẹ́ni, obìnrin tó dìde lórí ẹní opó kí ìlú má baà di opó, ẹlẹ́sẹ̀ tí ń rìn lábẹ́ ilé wa tí a ń fi ẹsẹ̀ rẹ̀ sùn tí a ń fi ẹsẹ̀ rẹ̀ jí, a kí ọ, a kò ní kí o dúró.

Láti kékeré ni ara rẹ̀ kò ti gba ìjókòó. Bí wọ́n bá gbé oúnjẹ kalẹ̀, á bu òkèlè kan, á dìde, á yí àgbàlá ká, á tún bu òmíràn. Ìyá rẹ̀ fi ọ̀já dè é mọ́ ìdí ìkòkò, ó wọ́ ìkòkò tẹ̀ lé e. Nígbà tó dàgbà tó fẹ́ Bánkọ́lé, ọmọ ilé Láwọ́yin, inú Bánkọ́lé dùn, nítorí pé obìnrin tí kò lè jókòó ni ó máa ń kó yanrìn ìpín wọn tán kí ọkùnrin mìíràn tó wá ọkọ́ rẹ̀ rí. Inú odò nìkan ni ara rẹ̀ ti ń balẹ̀ díẹ̀. Ó mọ ohùn omi bí ẹ̀yin ṣe mọ ohùn ọmọ yín, ó mọ ibi tó ti rọ̀, ó mọ ibi tó ti ń kùn, bó bá sì ní yanrìn ti ń ga níbì kan, kò sẹ́ni tó lọ wò ó rí tó bá a nírọ́.

Ọmọ kan ṣoṣo ni ó bí fún Bánkọ́lé, Ìbídùn, tó lọ́kọ sí àdúgbò Kòtò, níbi tó lọ sílẹ̀ jù nínú ìlú. Ẹ jẹ́ kí n sọ bí Kòtò ṣe rí, torí ibẹ̀ ni gbogbo ọ̀rọ̀ yìí já sí. Odò tẹ̀ bí ìgbọ̀nwọ́ níbì kan tí à ń pè ní Igun. Lẹ́yìn Igun, ògiri òkúta kan ló dá omi dúró. Lẹ́yìn ògiri yẹn, nísàlẹ̀ pátápátá, ni àwọn ilé Kòtò wà, ogójì ilé. Ilé Ajéígbé ni ó sì ni ìpín tó wà ní Igun.

Ní ọdún náà, àìsàn kan wọ ilé Ajéígbé, kò wọ ilé ẹlòmíràn, ó sì kó wọn láti orí baba dé orí ọmọ ọwọ́ láàárín ohùn mẹ́sàn-án. Kò ku ẹyọ kan. Kò sì sí ìdílé tó fẹ́ jogún wọn, nítorí wọ́n ní ẹni tó bá gba ìpín wọn yóò gba ohun tó pa wọ́n pẹ̀lú. Bí yanrìn Igun ṣe bẹ̀rẹ̀ sí í ga nìyẹn, tí gbogbo ìlú ń gba ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ kọjá tí wọ́n ń gbójú sápá kan.

Kò pẹ́ sígbà náà ni Bánkọ́lé fi ẹsẹ̀ yọ̀ lórí òkúta, ó forí gbá, ó kú. Wọ́n tẹ́ ẹní fún Àwẹ̀ró ní kọ́rọ̀ yàrá, wọ́n wọ aṣọ opó fún un, wọ́n ní kí ó jókòó síbẹ̀ fún ogójì ohùn, kí ó má jáde, kí ó má bá ènìyàn ṣe àwàdà, kí ó máa rántí ọkọ rẹ̀. Ó rántí ọkọ rẹ̀. Ó sunkún títí ojú rẹ̀ fi wú. Ṣùgbọ́n ẹsẹ̀ rẹ̀ kò dúró, ó ń fi gìgísẹ̀ gbá ẹní lábẹ́ aṣọ títí ẹní fi lu, wọ́n sì tẹ́ òmíràn. Nígbà tó di ohùn kẹẹ̀ẹ́dógún, wọ́n wá sọ fún un pé Ìbídùn ti bí ọmọkùnrin. Inú rẹ̀ dùn, àmọ́ kò lè lọ, nítorí pé opó kì í jáde. Ìbídùn náà kò sì lè wá, nítorí pé òfin ni pé ìyá ọmọ tuntun kì í kúrò ní yàrá títí ohùn yóò fi pé mẹ́jọ tí wọ́n á kó ọmọ jáde tí wọ́n á fi omi odò sọ ọ́ lórúkọ. Ìyá jókòó síbí, ọmọ jókòó sọ́hùn-ún.

Ibẹ̀ ló wà tó fi etí lé ilẹ̀ tó sì gbọ́ Igun. Ohùn omi níbẹ̀ ti yí padà. Kò kùn mọ́, ńṣe ni ó ń mí kíkankíkan, bí ẹni tó gbé ẹrù tó pọ̀ ju agbára rẹ̀ lọ.

Ó ránṣẹ́ pe Láwọ́yin, ẹ̀gbọ́n ọkọ rẹ̀, tí í ṣe olórí ilé. Nígbà tó dé, Àwẹ̀ró kúnlẹ̀ lórí ẹní.

“Ẹ̀yin ọkọ mi, ẹ dákun. Omi ń padà sẹ́yìn ní Igun. Yanrìn ilé Ajéígbé ti ga jù. Bí ẹ kò bá rí ẹni tí yóò kó o, Kòtò ni yóò já sí.”

Láwọ́yin ní, “Ìyàwó wa, ọkọ rẹ ni a ní kí o máa ṣọ̀fọ̀. A kò ní kí o máa ṣọ́ omi.”

“Ọmọ mi wà ní Kòtò pẹ̀lú ìkókó.”

“Ọmọ rẹ wà nílé ọkọ rẹ̀, àwọn ọkọ rẹ̀ á tọ́jú rẹ̀. Kí ni kí n wá sọ fún ìlú? Pé ilé wa fẹ́ jogún Ajéígbé, nígbà tí a kò tíì gbọ́n eruku òkú tiwa dànù? Jókòó.”

Ọ̀rọ̀ tó ti ń gbọ́ láti ọjọ́ tó ti dáyé nìyẹn. Láwọ́yin kì í ṣe ìkà ènìyàn, mo fẹ́ kí ẹ mọ èyí. Ó fẹ́ràn àbúrò rẹ̀, ó ń bọ́ opó rẹ̀ dáadáa. Ó kàn dá a lójú pé ohun tí a bá ti ń ṣe bọ̀ kò lè pa wá. Ó dá èmi náà lójú bẹ́ẹ̀ nígbà mìíràn, inú a sì máa bí mi sí ara mi.

Àwẹ̀ró tún fara dà á fún ohùn méjì. Kò jẹun. Ó dìde, ó kúnlẹ̀, ó dùbúlẹ̀, ó fi etí kan lé ilẹ̀, ó fi èkejì lé e. Lóhùn kẹta, ó mú ọkọ́ Bánkọ́lé lẹ́yìn ilẹ̀kùn, ó gbé agbọ̀n, ó sì jáde pẹ̀lú aṣọ opó lára. Àwọn obìnrin agbo ilé fi ọwọ́ bo ẹnu. Opó tó bá jáde kí ogójì ohùn tó pé, ohun tí ìlú máa ń sọ ni pé òun ló pa ọkọ rẹ̀, ó sì mọ̀ pé wọn yóò sọ ọ́.

Nígbà tó dé Igun, yanrìn ti dé àyà ènìyàn, omi gun orí rẹ̀, ó ń fi èjìká ti ògiri òkúta, omi sì ti ń gba inú òkúta kán sí òdìkejì. Ó wọ inú omi. Ó kó yanrìn kún agbọ̀n, ó gbé e, ó gòkè lọ dà á sórí bèbè, ó tún sọ̀ kalẹ̀. Kí ó tó padà dé, odò ti kó yanrìn agbọ̀n méjì wá sí ipò ọ̀kan tó kó. Ó ṣe é títí, ó rí i pé ẹnì kan kò lè kó o kí ó tún gbé e.

Ìlú ti péjọ sórí bèbè nígbà yẹn. Àwọn ará Kòtò gan-an wà níbẹ̀, wọ́n ká ọwọ́ mọ́ àyà. Àwẹ̀ró gbé agbọ̀n tó kún sókè sí wọn.

“Mi ò ní kí ẹ wọ inú omi. Mi ò ní kí ẹ fọwọ́ kan yanrìn. Ẹ ṣáà gba agbọ̀n lọ́wọ́ mi.”

Kò sẹ́ni tó mira. Láwọ́yin ti dé pẹ̀lú ọ̀pá rẹ̀, ó sì sọ ọ́ kí gbogbo ènìyàn gbọ́ pé ẹni tó bá gba agbọ̀n yẹn ti jogún ilé Ajéígbé àti ohun tó pa wọ́n. Àwẹ̀ró tún gbé agbọ̀n sí wọn. “Ẹ gba agbọ̀n lọ́wọ́ mi.” Wọ́n ń wo ilẹ̀. Ó gbé e sí wọn lẹ́ẹ̀kẹta, wọ́n sì ń wò ó, gbogbo ìlú Ìsàlẹ̀ Àpáta, ènìyàn tó mọ̀ ọ́n láti kékeré, ènìyàn tó ti jẹ nínú ọbẹ̀ rẹ̀.

Ìbídùn ni ó gbà á.

Ó ti ń rí omi tó ń kán lára ògiri yàrá rẹ̀, ó gbọ́ pé ìyá òun wà nínú odò, ohùn rẹ̀ sì ṣẹ̀ṣẹ̀ pé mẹ́ta tó bímọ. Ó pọn ìkókó tí kò tíì ní orúkọ, ó rú òfin yàrá, ó sáré gba àárín àwọn ènìyàn tí wọ́n ń yà fún un bí ìgbà tí wọ́n bá rí adẹ́tẹ̀, ó sì na ọwọ́ gba agbọ̀n. Ó gbé e lọ dà, ó dá a padà, ó gba òmíràn. Ìyá ń kó, ọmọ ń gbé, yanrìn sì bẹ̀rẹ̀ sí í rẹlẹ̀, láti àyà dé ikùn, láti ikùn dé ìbàdí.

Lójijì ni Àwẹ̀ró na etí. Ó gbọ́ ohun tí ẹnikẹ́ni kò tíì gbọ́: odò ń bọ̀ látòkè pẹ̀lú gbogbo omi tó ti há sẹ́yìn.

“Ìbídùn, gbé ọmọ náà gòkè.”

“Ẹ̀yin ńkọ́, ìyá mi? Ẹ jáde wá. Ẹ wá simi.”

“Èmi kò mọ bí wọ́n ṣe ń ṣe é,” ni ó wí, ó sì rẹ́rìn-ín.

Ìbídùn gòkè. Ohun tó wá tẹ̀ lé e yìí ni kì í jẹ́ kí n sùn. Ààyè wà fún Àwẹ̀ró láti jáde. Ọmọ rẹ̀ ti kúrò ní Kòtò, ọmọ ọmọ rẹ̀ wà lẹ́yìn ìyá rẹ̀, kò sì ní ẹlòmíràn níbẹ̀. Àwọn tó ni ogójì ilé yẹn wà lórí bèbè, wọ́n ká ọwọ́, àwọn arúgbó wọn àti àwọn ìyá ọmọ tuntun mìíràn sì wà nínú yàrá tí òfin fi wọ́n sí. Ó wo àwọn tó wà lórí bèbè, láti ojú dé ojú. Lẹ́yìn náà ni ó yí padà, ó fi èjìká ti òkìtì yanrìn tó kù, ó ń fi ẹsẹ̀ méjèèjì wa abẹ́ rẹ̀, ó ń rìn lójú kan, ó ń rìn, títí yanrìn fi ya lábẹ́ rẹ̀ ní gẹ́rẹ́ tí omi ńlá sì dé. Odò gba ọ̀nà rẹ̀ àtijọ́ kọjá. Ògiri Kòtò kò wó. Ọkọ́ Bánkọ́lé léfòó ní ẹnu òkúta ìsàlẹ̀, wọn kò sì rí Àwẹ̀ró.

Wọ́n dúró, wọ́n ń gbọ́. Nínú ohùn omi ni wọ́n ti gbọ́ ẹsẹ̀, ẹsẹ̀ ènìyàn tí ń rìn nínú odò, tó ń lọ láti ìpín dé ìpín, tó ń dúró díẹ̀ níbi tí yanrìn bá wà, tó tún ń lọ. Ẹ̀rù bà wọ́n. Láwọ́yin sọ̀ kalẹ̀ dé etí omi, ó ń sunkún, ó sì sọ ohun tó rò pé oore ni. Ó ní, “Àwẹ̀ró, ìyàwó wa, jáde wá. Wá jókòó.”

Ni odò bá gbẹ.

Ẹ̀yin tí ẹ kò tíì rí i rí, ẹ má gbàdúrà láti rí i. Kì í ṣe òùngbẹ nìkan. Kò sí ohùn mọ́, kò sì sẹ́ni tó mọ ọjọ́. Àwọn kan sùn títí, àwọn kan kò sùn rárá. Opó kò mọ iye tó kù fún un lórí ẹní. Ọmọ Ìbídùn kò lè ní orúkọ, nítorí pé kò sẹ́ni tó lè sọ ìgbà tí ohùn pé mẹ́jọ, kò sì sí omi tí wọ́n lè fi sọ ọ́. Gbogbo ìlú ń rìn káàkiri, wọn kò lè jókòó, ara wọn kò balẹ̀, wọ́n sì mọ̀ nígbà náà bí ara rẹ̀ ṣe ń rí.

Láwọ́yin ni ó yé pé “jókòó” tí òun sọ ló dá omi dúró. Ó sọ ọ̀pá rẹ̀ sílẹ̀. Ó wọ ìpín ilé Ajéígbé lójú gbogbo ènìyàn, ó kúnlẹ̀ nínú odò gbígbẹ, ó ń fi ọwọ́ lásán kó yanrìn tó kù síbẹ̀, títí ìka rẹ̀ fi bó. Nígbà tí agbọ̀n kún, ó gbé e sókè sí àwọn tó wà lórí bèbè, ó ní, “Ẹ gba agbọ̀n lọ́wọ́ mi.” Kò sẹ́ni tó gbà á. Àwọn ọmọ tó bí nínú ara rẹ̀ dúró síbẹ̀, wọ́n ń wo ilẹ̀. Ó tún un sọ, ojú sì tì í dé inú egungun.

Ìbídùn tún ni ó sọ̀ kalẹ̀ gbà á. Omi kan àtàǹpàkò Láwọ́yin kí ó tó dìde dúró. Ohùn odò padà, ẹsẹ̀ náà sì wà nínú rẹ̀. Ẹ̀kúnwọ́ omi àkọ́kọ́ yẹn ni wọ́n fi sọ ọmọ náà lórúkọ, wọ́n pè é ní Omídáhùn.

Ìdí nìyí tí a kì í fi í jókòó létí odò yìí, tí a kì í sì í sọ fún ẹnikẹ́ni níbí pé kó jókòó. Ìdí nìyí tí opó ìlú wa fi máa ń jáde wá sétí omi nígbàkígbà tó bá wù ú, tí ìyá ọmọ tuntun kò sì sí nínú àtìmọ́lé mọ́. A kì í pa ẹran fún Yèyé. Yanrìn ni ẹbọ rẹ̀, yanrìn ìpín ẹlòmíràn, ẹni tó bá sì kó ti ara rẹ̀ lónìí, asán ni ó ṣe. Ilé Láwọ́yin ni ó sì ń jẹ àwòrò rẹ̀ láti ìgbà náà. Ẹ máa ń kí wa kú oríire oyè. Kì í ṣe oyè. Ìdílé wa ni kò gba agbọ̀n, ìdílé wa ni wọ́n sì fi sí ibi tí yóò ti máa gbé agbọ̀n lọ́dọọdún, kí a lè máa bẹ̀rù, ní gbogbo ọdún, pé bóyá ẹnikẹ́ni kò ní gbà á.

Ẹ̀rù náà ń bà mí báyìí. Mi ò mọ̀ bóyá ó ti dárí jì wá, torí ẹsẹ̀ rẹ̀ kò tíì dúró. Ẹ gbọ́ ọ. Ó ń lọ sí Igun.

Mo ti fẹ́ sọ̀ kalẹ̀. Ẹ sún mọ́ bèbè, ẹ na ọwọ́ yín. Ẹ gba agbọ̀n lọ́wọ́ mi.